Imọ̀ Ọ̀pẹ Orí Ògiri Gbádé

Asiata, ìyàwó mi, gbé ife yẹn kalẹ̀, mi ò ní mu nǹkan kan títí n ó fi sọ ọ̀rọ̀ yìí tán. Abdulganiyu, àbúrò mi, ti ilẹ̀kùn, kí o sì jókòó. Ọmọ́bọ́láńlé, ìwọ má jáde. Ìwọ gan-an ni mo fẹ́ kó gbọ́. Ikọ́ yìí kò ní jẹ́ kí n rí ọdún iléyá, gbogbo yín lẹ mọ̀ bẹ́ẹ̀, ẹ kàn ń fi ẹnu tàn mí ni. Mi ò sì fẹ́ kí ohun tó wà nínú mi bá mi wọ sàréè. Ó ti pẹ́ tó ti há mi lọ́fun bí egungun ẹja. Ẹ jẹ́ kó jáde lónìí, kó ya ọ̀fun tó bá máa ya.

Ẹ wo àwòrán tó wà lókè orí mi yẹn. Gbogbo àlejò tó bá wọlé ló ń yìn ín. Wọn á ní, “Tàjùdéèn, ọwọ́ yín mà dára o, ẹ wo bí ògiri ṣe nà tọ́ọ́rọ́.” Èmi á rẹ́rìn-ín, mi ò ní sọ pé èmi kọ́ ni mo mọ ọ́n. Gbádé ló mọ ògiri yẹn. Gbádé, bàbá Ọmọ́bọ́láńlé. Irọ́ tó kéré jù nìyẹn nínú gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ.

Ọ̀gá kan náà ló kọ́ èmi àti Gbádé níṣẹ́ amọ̀. Lẹ́yìn tí ogun tú Ọ̀fà ká, tí àwọn èèyàn wa padà wá bá àlàpà nílẹ̀, àwa la wà lára àwọn tó tún ìlú yìí mọ. Èmi ni mo dàgbà jù, èmi ni wọ́n ń kọ́kọ́ pè. Nígbà tí rélùwéè dé, ayàwòrán kan bá a wá láti Èkó, Ọ̀gbẹ́ni Olúyẹmí. Ó ń kọ́ méjì nínú àwọn akọ̀wé rélùwéè níṣẹ́ fọ́tò. Ọjọ́ tí wọn ò bá lọ síbi iṣẹ́, wọn á gbé kámẹ́rà ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta, wọn á máa fẹsẹ̀ rìn káàkiri ìlú láti wo ilé. Wọ́n ń wá ẹni tó mọ ilé tó máa ṣáájú wọn, ni wọ́n bá bẹ̀ mí. Inú mi dùn bí ẹni jẹ oyè. Mo rò pé àwọn ilé tí mo mọ ni wọ́n máa yà, kí àwọn ará Èkó náà lè mọ̀ pé Tàjùdéèn wà.

Olúyẹmí kì í wo ilé bí àwa ṣe ń wò ó. Kì í béèrè ẹni tó ni ín. Á fi àwọn ìka ọwọ́ rẹ̀ ṣe fèrèsé síwájú ojú, á wá sọ fún àwọn akọ̀wé pé, “Ẹ gbàgbé pé ilé ni. Ẹ wo ìlà, ẹ wo igun. Òrùlé yẹn, igun mẹ́ta ni. Àwọn ìkòkò abẹ́ ọ̀ṣọ̀ọ̀rọ̀ yẹn, òbíríkítí tó tẹ̀lé ara wọn ni. Ẹ wo bí òjìji òpó ṣe gé àgbàlá sí méjì.” Ká sọ òtítọ́, ọ̀rọ̀ náà wọ̀ mí lára. Mo ti fi ọjọ́ ayé mi mọ igun, ẹnikẹ́ni ò sọ fún mi rí pé igun dára wò. Mo mú wọn lọ sí ilé Adétóyè, èyí tí mo fi ń ṣe fọ́ńté. Ó wò ó, ó ní, “Ó dára,” kò ṣí kámẹ́rà. Mo mú wọn dé òmíràn lẹ́yìn ààfin. Ó tẹ orí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní ògiri náà yọ ikùn díẹ̀. Ikùn. Lójú àwọn ọmọ tí mo lè bí. Mo rẹ́rìn-ín nítorí mi ò mọ ohun mìíràn tí n ó ṣe.

Bí a ṣe ń padà bọ̀ la gba iwájú ilé tí Gbádé ń mọ fún ara rẹ̀ kọjá. Gbádé ò sí nílé, ó ti lọ sí Ọjọkú láti wá igi òrùlé. Ògiri náà ti ga ju èèyàn lọ, ó ku ìpele kan péré, ó sì fi imọ̀ ọ̀pẹ bo orí rẹ̀ nítorí pé ìgbà òjò ni. Olúyẹmí dúró bí ẹni tí wọ́n fà láṣọ. “Ta ló mọ èyí?” Mo ní ọmọ iṣẹ́ kan ni. “Ọmọ iṣẹ́ kẹ̀? Bàbá, ẹ̀yin náà ẹ wo ìlà yìí. Mi ò rí irú ẹ̀ rí ní gbogbo ọ̀nà tí mo gbà wá.” Ó gbé kámẹ́rà kalẹ̀, ó da aṣọ dúdú borí, ó tún yọ orí. “Imọ̀ tó wà lórí ẹ̀ yìí ló ń ba ìlà jẹ́. Ṣé a lè ṣí i?”

Ẹ jẹ́ kí n là á yé ẹ̀yin tí ẹ kì í ṣe amọlé. Ẹsẹ̀ la fi ń tẹ amọ̀ dáadáa kí á tó fi mọ ògiri. Ìpele kan gbọ́dọ̀ gbẹ kí á tó gbé òmíràn lé e. Bó bá ṣe ń gbẹ, orí rẹ̀ á máa sán. Bí òjò bá gba ojú ibi tó sán yẹn wọlé, á mú inú ògiri rọ̀ títí dé ìdí. Òfin iṣẹ́ wa ni pé ẹni tó bá ṣí orí ògiri ẹlòmíràn kò gbọdọ̀ kúrò níbẹ̀ láìbò ó padà. Bí òjò bá sì ti lù ú, kí ó sọ fún ẹni tó ni ín, kí onítọ̀hún wó o, kó tún un mọ. Ọjọ́ kan náà ni ọ̀gá wa kọ́ èmi àti Gbádé ní èyí.

Mo gun àkàbà, mo ju gbogbo imọ̀ náà sílẹ̀. Wọ́n ya ògiri náà títí oòrùn fi kan àtàrí. Nígbà tí ojú ọjọ́ ṣú, Olúyẹmí ní, “Bàbá, ṣé ká jọ dá imọ̀ yìí padà?” Mo ní kí wọ́n máa lọ kí ẹ̀rọ wọn má baà tutù, pé èmi á bò ó. Wọ́n lọ. Ibẹ̀ ni Àdìkẹ́, ìyàwó Gbádé, ti bá mi, ó ń ti odò bọ̀, ó pọn ìwọ Ọmọ́bọ́láńlé. Ó ní, “Ẹ kú iṣẹ́ o, bàbá wa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ̀ẹ́ kí òjò bá a bẹ́ẹ̀ o.” Mo ní, “Máa lọ sílé, màá bò ó.” Ó dúpẹ́, ó kọjá lọ sí agboolé wọn. Mo dúró, mo ń wo ìlà tí wọ́n fi gbogbo àárọ̀ yìn, ọkàn mi korò. Mo sọ nínú ara mi pé kí Gbádé wá wó o, kí ó tún un mọ, kí ó làágùn díẹ̀ sí i. Mo lọ sílé. Orí ìrun Alásàrí ni òjò ti bá mi, mo sì kírun náà parí.

Ẹ lè rò pé ibẹ̀ ni ẹ̀ṣẹ̀ mi parí sí. Ká ní ibẹ̀ ló parí sí ni, Àdìkẹ́ ì bá wà láyé. Ní àfẹ̀mọ́júmọ́, mo rántí pé ó rí mi níbẹ̀, pé mo ti ṣèlérí. Ìtìjú mú mi. Mo lọ síbẹ̀, ìka mi wọ inú ògiri náà lọ bí ẹni ki ìka bọ ẹ̀kọ. Mo po amọ̀ díẹ̀, mo fi dí gbogbo ibi tó sán, mo rẹ́ ojú rẹ̀ dán, mo wá kó imọ̀ padà sórí rẹ̀. Oòrùn ràn lọ́jọ́ náà àti lọ́jọ́ kejì. Kí Gbádé tó dé, ojú ògiri ti gbẹ. Inú rẹ̀ kò gbẹ. Ìtìjú lásán ni mo fi pa èèyàn, kì í tilẹ̀ ṣe ìbínú.

Gbádé wá kí mi nílé yìí. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, Àdìkẹ́ ní ẹ bá mi tọ́jú ògiri. Ẹ ṣé gan-an ni. Mo fẹ́ gbé ìpele tó kù lé e lọ́la.” Ó dúró, ó ń wojú mi, torí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ ni mí. Ẹnu mi yà láti sọ ọ́, mo fi Ọlọ́run búra. Ohun tó jáde ni, “Gbé e lé e.”

Ó gbé e lé e. Àdìkẹ́ wà nísàlẹ̀, ó ń na ìṣù amọ̀ sí i. Ìwọ wà lórí ẹní lábẹ́ igi. Ìdí ni ògiri náà ti yẹ̀, ó wó lé Àdìkẹ́ lórí. Èmi náà wà lára àwọn tó fọwọ́ hú u jáde.

Àwọn amọlé péjọ, wọ́n ní kí èmi tí mo dàgbà jù sọ ohun tó fà á. Gbádé ń wò mí. Mo ní, “Kò tẹ amọ̀ rẹ̀ tó.” Ó mi orí. Ó gbà mí gbọ́, ẹ̀yin èèyàn mi. Láti ọjọ́ náà kò fọwọ́ kan amọ̀ mọ́. Ó fi ọmọ sọ́dọ̀ Asiata, ó lọ ń dáko ní Ìjàgbo, abà onímọ̀ ọ̀pẹ ló ń sùn, nítorí kò fọkàn tán ògiri kankan. Nígbàkigbà tó bá gbé iṣu wá, bí a bá ku àwa méjì, á bi mí pé, “Ẹ̀gbọ́n, ṣé omi ló pọ̀ jù nínú amọ̀ yẹn ni àbí ẹsẹ̀ ni kò tó?” Èmi á dá a lóhùn. Nígbà mìíràn mo ní omi ni, nígbà mìíràn mo ní ẹsẹ̀ ni.

Ọmọ́bọ́láńlé, má sunkún níbí, mi ò lẹ́tọ̀ọ́ láti rí i. O ti ń pè mí ní bàbá látìgbà tí o ti ń fọhùn, mo sì ń jẹ́ ọ. Mi ò ní kí o dárí jì mí. Èyí tó bá wù ọ́ ni kí o ṣe. Ṣùgbọ́n yọ àwòrán yẹn kalẹ̀. Olúyẹmí ló fi ránṣẹ́ sí mi, ó rò pé inú mi á dùn. Wo ìsàlẹ̀ lápá òsì, imọ̀ ọ̀pẹ ló jọ nílẹ̀ yẹn. Gbogbo ẹni tó ti yìn ín, kò sẹ́ni tó béèrè ohun tí imọ̀ ń ṣe nílẹ̀. Gbé e lọ sí Ìjàgbo lọ́la, kí Abdulganiyu sìn ọ́ lọ. Ẹ máa sọ gbogbo ìwà ìkà mi fún un, ẹ má fi nǹkan kan pamọ́. Ṣùgbọ́n kí o tó dárúkọ mi rárá, kí o tó jókòó pàápàá, kọ́kọ́ sọ fún bàbá rẹ pé ó tẹ amọ̀ rẹ̀ tó.