Ohùn Inú Fíìmù Yẹn Kì í Ṣe Tèmi

Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ á bá a. Tèmi ti lé ní àádọ́ta. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbọ́ orin inú fíìmù àtijọ́ yìí lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, tí ẹ ń kọ ọ́ sísàlẹ̀ pé kí Ọlọ́run bù kún ọ̀fun Radojka, ẹ dákun, ẹ dúró. Èmi ni Radojka. Dókítà ti sọ ibi tí àìsàn mi dé, n kò sì fẹ́ gbé irọ́ yìí wọ sàréè. Milunka àbúrò mi ló ni ohùn yẹn.

Nígbà tí Yugoslavia ṣì jẹ́ orílẹ̀-èdè kan, iṣẹ́ mi ni kí n máa gé fíìmù, kí n sì máa lẹ̀ ẹ́ pọ̀ nílé iṣẹ́ kan ní Belgrade. Òṣèré tí wọ́n mú fún fíìmù yìí rẹwà, ṣùgbọ́n kò mọ orin kọ, wọ́n wá ń wá ohùn tí wọn yóò fi sí i lẹ́nu. Mo ní kí wọ́n gbọ́ tèmi. Olùdarí fíìmù rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Radojka, ohùn tìrẹ ti gbẹ jù. Ṣé kò sí ẹlòmíì nílé yín ni?" Mo ránṣẹ́ pe Milunka láti Sombor. Ó kọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan, wọ́n gbà á sílẹ̀, wọn ò ní kó tún un kọ. Mo jowú rẹ̀. Èmi ni mo ń to orúkọ tó ń jáde níparí fíìmù, mo sì fo tirẹ̀. Mo sọ fún un pé olùdarí ló ní ohùn rẹ̀ kò tó nǹkan. Ó gbà mí gbọ́. Kò tún kọrin mọ́, kò sì sọ ọ́ fún ọkọ tàbí ọmọ.

Orílẹ̀-èdè fọ́, fíìmù náà di ìgbàgbé. Àfi lọ́dún tó kọjá tí Relja, ọmọ ọmọ Milunka, rí i lórí fóònù, tó gbé e wá síwájú àwa àgbà lọ́jọ́ ọdún ẹni mímọ́ tó ń dáàbò bo ìdílé wọn.

"Ìyá àgbà Radojka, ẹ wo bí àwọn èèyàn ṣe ń sunkún sí orin yìí. Ẹ̀yin lẹ ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Ta ló kọ ọ́?"

Milunka gbé ìkòkò kọfí dání. Ojú wa ṣe mẹ́rin. Àgbà òṣìkà tí mo jẹ́, mo ní, "Èmi ni."

Ilé hó yèè. Relja ti ń tẹ̀ ẹ́ sójú ayé kí n tó mí. Milunka wá ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé kí n bu kọfí sí i fún yín?" Mo ní kó bu ú. Mo mu ún. Ojú ò tì mí, àánú ò ṣe mí, n kò mọ nǹkan kan lára.

Ìgbà òtútù ni Milunka kú. Lọ́jọ́ ogójì rẹ̀, lẹ́yìn tí a jẹ àlìkámà tí a sè fún òkú, Relja di ọwọ́ mi mú. "Ẹ kọ ọ́ fún un, ìyá àgbà. Ó fẹ́ràn yín." Mo lanu, nǹkan kan ò jáde. Wọ́n ní ìbànújẹ́ ló dí mi lọ́fun. Wọ́n ń gbá mi mọ́ra lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń kí mi pẹ̀lẹ́, mo sì ń dáhùn.

Relja, mo mọ̀ pé wàá ka èyí. Mo bẹ̀ ọ́, dárí jì mí bí o bá lè ṣe é. Ṣùgbọ́n kọ́kọ́ pa orúkọ mi rẹ́ níbẹ̀, kí o kọ ti Milunka sí i. Lẹ́yìn náà, gbé fóònù sétí ìyá rẹ tó jẹ́ ọmọ Milunka, kí o sọ fún un ẹni tó ń kọrin. Kò gbọ́ orin lẹ́nu ìyá rẹ̀ rí.