Ikọ́ Ìsìmáílà Nídìí Irin Awoyaya

Ẹ̀yin Alága wa, Bàbá Akínbọ̀dé, tí ẹ jókòó sórí àga tó dára jù níbí, tí ẹ sì ti ń wo aago láti ìgbà tí mo ti dìde, mo kí yín o. Ẹ̀yin àgbà ẹgbẹ́ bírikìlà Awoyaya, ẹ̀yin káfíńtà àti onírin, mo kí yín. Ẹ̀yin ìyá tí ẹ ń ru kọnkéré gun òkè ilé onílé, ẹ kú iṣẹ́. Ẹ̀yin àlejò wa láti Lakowe, ẹ kú ewu ọ̀nà.

Ẹ̀yin èèyàn mi, ìdágbére iṣẹ́ mi lẹ wá ṣe, síbẹ̀ wọ́n ti kìlọ̀ fún mi pé kí n má pẹ́. Ṣé èmi Sìlífátù ni wọ́n ń sọ fún pé kó má pẹ́? Èmi tí mo ti ń bá yín fa àkókò gùn láti ìgbà tí irun orí yín ṣì dúdú?

Nítorí àwọn àlejò, ẹ jẹ́ n ṣàlàyé iṣẹ́ mi. Ẹ wo irin rélùwéè tó rọ̀ sára pákó lọ́hùn-ún yẹn. Bí mo bá lù ú lẹ́sọ̀lẹ́sọ̀, àkókò á máa fà bí ìró náà ṣe ń fà. Kọnkéré tó yẹ kó ti gan á ṣì rọ̀ bí ẹ̀kọ gbígbóná, oòrùn á dúró sórí ògiri wa, àwọn òṣìṣẹ́ á da gbogbo dẹ́kì tán láìsáré. Bí mo bá lù ú wéréwéré, ọ̀sán á kúrú. Inú sáìtì nìkan ló mọ o, àwọn tó ń kọjá lójú títì ò ní mọ nǹkan kan. Èèwọ̀ rẹ̀ kò ju ẹyọ kan lọ: àtẹ́lẹwọ́ ni kí wọ́n fi pa irin náà lẹ́nu mọ́, gẹ́lẹ́ bí ìró bá ṣe ń tán lọ. Bí wọ́n bá jẹ́ kó kọjá, àkókò á ṣí sílẹ̀ gbayawu, títí wọ́n á fi tún irin lù, tí wọ́n á sì pa á mọ́ dáadáa. Ẹ̀gbọ́n ìyá mi ló kọ́ mi ní Ìwó, ó sì máa ń sọ fún mi pé etí ló ń ṣe iṣẹ́ náà, ọwọ́ kàn ń tẹ̀ lé e ni.

Ẹ̀yin tí mo bá ṣiṣẹ́, wàhálà yín pọ̀. Tó bá dìgbà ààwẹ̀, ẹ̀yin tó ń gbààwẹ̀ á yọ́ wá bá mi pé kí n jọ̀ọ́, kí n dín ọ̀sán kù kí ìṣínu tètè dé. Ẹ ò tíì lọ tán táwọn tó ń da kọnkéré á fi dé pé kí n fà á gùn. Èmi náà ń gbààwẹ̀ o, ẹnì kankan ò bi mí bí ọ̀fun mi ṣe gbẹ tó. Yísà ńkọ́, tó ní kí n fa àkókò oúnjẹ gùn? Ó jẹun yó, ebi sì tún pa á kí ìsinmi tó parí.

Ìsìmáílà, dìde kí wọ́n rí ọ. Ọ̀gá àwọn bírikìlà wa nìyí. Ó ti pẹ́ tí ọkùnrin yìí ti ń wúkọ́. Bí mo bá ti lu irin, tí mo na ọwọ́, tí mò ń dúró de òpin ìró, ó di hùú-hùú, èmi náà á pa irin mọ́. Mo ní ẹ gbà mí, eruku sìmẹ́ńtì ti wọ ọmọ ọlọ́mọ láyà. Mo se atalẹ̀ fún un. Mo ra oyin. Mo bá Ọlákẹ́mi ìyàwó rẹ̀ jà pé kò tọ́jú ọkọ, ó kàn ń rẹ́rìn-ín. Ìsìmáílà á mu atalẹ̀ mi tán, á dúpẹ́, ilẹ̀ á mọ́, á tún wúkọ́. Mo rò pé òpin ìró ni mò ń gbọ́, àṣé ikọ́ ni.

Nínú ààwẹ̀ tó kọjá, Ìsìmáílà lọ sọmọ lórúkọ ní Ìkirè. Àwa gbé irin dání, à ń da dẹ́kì ní Lakowe. Mo lu irin, mo na ọwọ́, mo dúró. Mi ò gbọ́ òpin kankan, mo ní bóyá ó ṣì kù díẹ̀. Kọnkéré tán, òjìji wa ò kúrò lójú kan. Àwọn tó ń gbààwẹ̀ wo oòrùn títí ó sú wọn. Kò sẹ́ni tó fẹ́ sọ̀rọ̀ sí àgbà. Ìyanu ló dìde, ẹni tó ń kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ mi, ìyá ọmọ méjì tí ara rẹ̀ kì í balẹ̀. Ó gba òòlù lọ́wọ́ mi, ó lu irin, ó tẹ́tí, ó pa á mọ́. Oòrùn bá yẹ̀. A ò tíì fọwọ́ tán tí ládàánì fi ń pe ìrun.

Ẹ̀yin àgbà wá di ẹ̀bi náà rù ú, ẹ ní òun ló jẹ́ kí ìró kọjá, pé ó rú èèwọ̀, pé kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan irin mọ́, pé ẹlòmíì ni kó gba òòlù mi. Mo mọ̀ pé nítorí tèmi lẹ ṣe sọ ọ́. Ẹ ò fẹ́ kí wọ́n máa wí pé etí Àlàájà ti di. Gbogbo yín lẹ mọ ìdí ikọ́ Ìsìmáílà, èmi nìkan ni mò ń se atalẹ̀ kiri! Ọjọ́ tí Ọlákẹ́mi là á fún mi pé ṣe ni ọkọ òun ń fi ikọ́ ṣàmì fún mi bí ìró bá ń tán lọ, mo sunkún, lẹ́yìn náà mo rẹ́rìn-ín títí inú fi ń run mí. Kí ni mo ṣe fún yín tí ẹ fi fẹ́ràn mi tó báyìí? Mo dúpẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ má torí kí ojú má bàa tì mí, kí ẹ wá gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ọmọ ọlọ́mọ.

Ọlọ́run á fún yín lẹ́mìí gígùn àti àlàáfíà. Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́lé fún èèyàn, ẹ ó kọ́ tiyín, ẹ ó sì gbé inú rẹ̀ pẹ́. Etí yín ò ní di. Ẹ ó máa délé bá ayọ̀.

Ó wá ku ẹyọ kan. Mo fẹ́ lu irin yìí lẹ́sọ̀lẹ́sọ̀, kí n lè wo ojú yín dáadáa. Bàbá Akínbọ̀dé, ẹ ki aago yẹn sápò. Ìsìmáílà, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ ọ́, má wúkọ́. Ìyanu, wá dúró síbí, na ọwọ́ rẹ. Èmi ò ní gbọ́ òpin rẹ̀, ìwọ ni kó o pa á mọ́, níwájú gbogbo àgbà. Tó o bá ti pa á, fọwọ́ kàn mí léjìká, kí n lè mọ̀ pé mo ti fẹ̀yìn tì.

Ó yá, mo ti lù ú. Ẹ ṣé o.