Ìre Tí Mo Dí Mọ́ Màámi Lẹ́nu

Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ kí wọ́n tó gbé mi wọ yàrá iṣẹ́ abẹ. Ọkàn mi ni wọ́n fẹ́ là, n kò sì fẹ́ kí ohun tí mo fi pamọ́ síbẹ̀ bá mi lọ. Òògùn tí mò ń lò kì í jẹ́ kí n mọ ìgbà tí oorun ń gbé mi lọ mọ́. Lọ́sàn-án gangan, bí mo bá ti fẹ̀yìn lélẹ̀ nílé wa ní Fulshear lẹ́bàá Houston, màá rí ọ̀nà kan tó gùn, tó tọ́ gbọnrangandan, bíi freeway tí kò sí mọ́tò kankan lórí rẹ̀. Màámi ni yóò máa rìn bọ̀, ẹnu wọn ń mì, ṣùgbọ́n n kì í gbọ́ ohùn wọn.

Láyíwọlá ni mí. Ìtàn Ròmù àtijọ́ ni mò ń kọ́ àwọn ọmọ kọ́lẹ́ẹ̀jì níhìn-ín ní Houston. Mo máa ń sọ fún wọn pé kì í ṣe idà nìkan ni àwọn ará Ròmù fi gba ayé. Wọ́n la ọ̀nà, wọ́n kọ́ ilé ìwẹ̀ olómi gbígbóná, wọ́n kó ọmọ àwọn ìjòyè jọ, wọ́n sì kọ́ wọn ní Látìnì. Kò pẹ́, ọmọ ẹni tí wọ́n ṣẹ́gun ti ń wé aṣọ funfun àwọn tó ṣẹ́gun bàbá rẹ̀ mọ́ra, inú bàbá náà sì ń dùn pé ọmọ òun ti di èèyàn. Bí mo bá dé ibẹ̀ yẹn, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ á rẹ́rìn-ín. Èmi náà á bá wọn rín in, èmi aláìnítìjú.

Lọ́jọ́ kan, ọmọbìnrin kan tó ń jẹ́ Fareedah, tí àwọn òbí rẹ̀ jẹ́ ará Ìlọrin, nawọ́ sókè. Ó ní, "Prof, àwọn grandma ńkọ́? Àwọn tó ń bá wọn mójú tó ọmọ nílé? Ta ló ní kí wọ́n stop talking?" Mo ní àwọn ìwé kò sọ̀rọ̀ nípa wọn. Òótọ́ ni, ìwé kò sọ. Ṣùgbọ́n èmi mọ̀ ọ́n. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń bá ara mi nínú ilé ìwẹ̀ kan lójú àlá, ooru omi bo ojú mi, èmi ni mo wé aṣọ funfun, Màámi sì jókòó lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń dúró dè mí.

Nígbà tí a bí Zion ọmọ wa, Màámi wá láti Ìkirè láti bá wa tọ́jú rẹ̀. Èyítáyọ̀ ni wọ́n ń pè é. Mojọlá ìyàwó mi ń lọ síbi iṣẹ́ nọ́ọ̀sì, èmi ń lọ kọ́lẹ́ẹ̀jì, ìyá àti ọmọ ọmọ ló ń jọ wà nílé. Yorùbá ni Zion fi la ẹnu, ó sì dùn lẹ́nu rẹ̀. Nígbà tó dé daycare, ó ń pariwo, "Omi! Ẹ fún mi lómi!" Kò sí ẹni tó dá a lóhùn. Tíṣà wọn ní ó jọ pé kò tíì lè sọ̀rọ̀, kí n mú un lọ bá dókítà tó ń yẹ ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn ọmọdé wò. Èmi nìkan ni mo mú un lọ. Dókítà bá a ṣeré títí, ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "He's fine, sir. He has two languages. Let Grandma keep talking."

Kò dùn mọ́ mi nínú. Ojú ti tì mí níwájú àwọn òbí yòókù ní daycare yẹn, mo sì fẹ́ kí ọmọ mi máa sọ̀rọ̀ bíi ti ọmọ wọn. N kò láyà láti sọ bẹ́ẹ̀ fún ìyá tó bí mi. Ni mo bá délé, mo jókòó ti Màámi, mo ní dókítà sọ pé Yorùbá tí wọ́n ń sọ sí ọmọ létí ló ń dí i lẹ́nu, kí wọ́n dáwọ́ rẹ̀ dúró títí òun yóò fi yọ̀ǹda.

Màámi wò mí. Wọ́n ní, "Láyíwọlá, ṣé ẹnu mi ló ń ṣe ọmọ mi níbi?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.

Wọ́n ní, "Háà, mo gbé! N ò mọ̀. N ó pa á mọ́."

Nígbà tí Mojọlá dé, ó bi mí pé, "Daddy Zion, are you sure? Ṣé ohun tí dókítà sọ nìyẹn lóòótọ́?" Mo búra fún un.

Láti ìgbà náà, bí ọmọ bá sáré lọ bá wọn, Màámi á fi ọwọ́ bo ẹnu. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń pè é, orí ni wọ́n fi ń dá a lóhùn. Zion rò pé eré ni. Òun náà á fi ọwọ́ kékeré bo ẹnu tirẹ̀, wọn á sì jókòó bẹ́ẹ̀, wọn á máa wo ara wọn. Ọdún ń gorí ọdún, Yorùbá pa rẹ́ lẹ́nu ọmọ náà, àfi ẹ káàárọ̀ àti orúkọ oúnjẹ. Ojoojúmọ́ ni mò ń sọ pé ó di ọ̀la kí n tú ìyá mi sílẹ̀. Ẹní bímọ ọ̀ràn ní í pọ̀n ọ́n, èmi sì pọn tèmi títí ó fi wúwo.

Ẹ wá gbọ́ èyí tó burú jù. Àìsàn dá Màámi dùbúlẹ̀ ní hospital. Oòrùn ọ̀sán gba ojú fèrèsé wọlé, ó tẹ́ sórí bẹ́ẹ̀dì wọn. Mojọlá dúró níbẹ̀, Zion náà dúró, ó ti ń ga bọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ èjìká mi. Màámi fi ojú pè mí mọ́ra. Wọ́n ní jẹ́jẹ́, "Láyíwọlá, ṣé dókítà ti yọ̀ǹda fún mi? Mo fẹ́ fi ẹnu ara mi súre fún Èyítáyọ̀."

Bí mo bá ní bẹ́ẹ̀ ni, wọ́n á bi mí pé láti ìgbà wo. Ẹ̀rù ìbéèrè yẹn bà mí. Mo tẹ̀ sí wọn létí, mo ní, "Kò tíì, Màámi. Ẹ sinmi ná."

Wọ́n mi orí. Wọ́n gbé ọwọ́ lé ọmọ lórí, ètè wọn ń mì, ohùn kan kò jáde. Zion ní, "Dad, what's Grandma saying?"

Mo ní, "Nothing. She's tired."

Màámi kò tún la ojú mọ́ lẹ́yìn ìyẹn.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń bímọ sí Spring, sí Alief, sí Fulshear níbí, kò sí ọmọ ogun Ròmù kankan tó wọ ilé mi. Èmi tí Màámi bí ni mo pa wọ́n lẹ́nu mọ́, mo tún fi ọ̀wọ̀ bò ó mọ́lẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe bíi tèmi. Màámi, bó bá jẹ́ ẹ̀yin ni mò ń rí lọ́nà yẹn lóòótọ́, ẹ foríjì mí, ẹ sọ̀rọ̀.

Zion ti ń wakọ̀ bọ̀, ó ní òun fẹ́ rí mi kí wọ́n tó gbé mi wọlé. Kò lè ka ohun tí mo kọ síhìn-ín. N kò sì lè sọ ìre náà fún un, torí kò sí ẹni tó gbọ́ ọ. Gẹ̀ẹ́sì ni n ó fi bẹ̀ ẹ́. Èdè yẹn nìkan ni mo jẹ́ kó ṣẹ́kù fún un.