Ìsun Omi tí Mo Sẹ́

Ẹ sún mọ́ mi, ẹ̀yin ará agboolé wa. Inú mi ń dùn, orí mi sì dàrú. Èmi Àtọ́kẹ́, arúgbó tó ń kọ́ a-b-d nílé ẹ̀kọ́ àgbà ní Ìwó níbí, mo ní ọ̀rọ̀ kan nínú láti ọdún 1956. N kò fẹ́ gbé e dé sàréè.

Ọláníyọnu, ọ̀mọ̀wé tó ń yẹ òkúta wò, ló gbé àpótí òjé kan wá láti Ìbàdàn. Ó ní òkúta kan wà nínú rẹ̀ tó ní iná tí ojú kò rí, tí kò ní èéfín, tó ń jẹ ara ẹni díẹ̀díẹ̀. Ọmọ-ọmọ wa á kú, iná náà kò ní kú. Ó fẹ́ rì í mọ́ inú àpáta níbi tí omi kò ní dé láéláé, torí omi ní í gbé e jáde. Àwa obìnrin ló bi léèrè: "Ẹ̀yin ìyá, ẹ̀yin lẹ ń pọnmi. Ilẹ̀ wo ni kì í sun omi, tòjò tẹ̀ẹ̀rùn?"

Mo mọ̀ ọ́n. Tèmi ni, lọ́nà Kuta, ilẹ̀ àpáta tí ọkọ mi pín fún mi kó tó kú. Ṣùgbọ́n mo fẹ́ kí ọmọ mi kọ́lé síbẹ̀. Ni mo bá nawọ́ sí ilẹ̀ Ẹfúnróyè, orogún mi kékeré. "Ibẹ̀ ni. Kò mọ omi rí." Àgbàlagbà bí èmi! Ẹfúnróyè fò dìde: "Háà, ìyálé mi! Ìsun tó ń yọ lábẹ́ igi àgbálùmọ̀ nígbà òjò ńkọ́?" Mo rẹ́rìn-ín. "Ọ̀mọ̀wé, ẹ má dá a lóhùn, ó ń ṣahun ilẹ̀ rẹ̀ ni. Láìpẹ́ á ní ẹja ń bẹ níbẹ̀." Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀ẹ̀rùn ni, ilẹ̀ náà le koko, ẹnu ìyálé ni wọ́n sì gbà. Wọ́n gbẹ́ àpáta, wọ́n fi sìmẹ́ńtì dí i. Ọláníyọnu ní, "Ìyá, bí ẹ bá rí omi, bó ṣe ẹ̀kán kan, ẹ ránṣẹ́ sí mi."

Òjò dé, ìsun yọ. Ẹfúnróyè wá bá mi: "Ìyálé mi, ẹja yín ti dé o! Ṣé omi náà ṣeé lò?" Mo ní, "Mo ti ránṣẹ́ sí ọ̀mọ̀wé. Ó ní kò séwu." Irọ́ ni. N kò rán ẹnikẹ́ni. Ó fi omi náà fọ irú, ó sì dì lára rẹ̀ fún mi. Ẹ̀rù bà mí, n kò lè jẹ ẹ́. Ṣé mo dà á nù? Rárá o. Ràhámọ̀tù, aládùúgbò wa, ni mo gbé e fún. Lọ́jọ́ kejì ó ní, "Ìyá Àgbà, ọbẹ̀ àná, díẹ̀ ló kù kí n gé ìka jẹ!"

Ọdún mẹ́ta rèé. Ràhámọ̀tù ṣì ń gúnyán bí ọkùnrin. Ẹfúnróyè ń wúkọ́, àmọ́ ó ti ń wúkọ́ kí àpótí tó dé. Ṣé májèlé ni, àbí ẹ̀rù lásán? N kò mọ̀. Ohun tí mo mọ̀ ni pé mo rò pé ó lè pa èèyàn, mo sì gbé e fún aládùúgbò mi.

Lánàá ni mo kúnlẹ̀ fún Ẹfúnróyè, èmi ìyálé. Mo jẹ́wọ́ ọ̀rọ̀ ìsun, ara mi fúyẹ́, orin bọ́ lẹ́nu mi:
Ẹrù ọrùn mi, mo ti sọ̀,
Ẹni tó bá nà mí, mà á jó.
Ó ní, "Ẹ dá orin dúró ná, ìyálé mi. Irú tí mo dì fún yín ńkọ́, ṣé ẹ jẹ ẹ́?" Ni mo bá ní kí wọ́n bá mi kọ èyí sílẹ̀.

Ràhámọ̀tù, èsì ìbéèrè Ẹfúnróyè rèé, kí wọ́n kà á sí ọ létí: ìwọ ni mo gbé irú náà fún. Dárí jì mí. Kí ẹnikẹ́ni má pọn omi ìsun náà mọ́. Mo ti ní kí wọ́n kọ̀wé sí Ọláníyọnu: ilẹ̀ tí kì í sun omi, tèmi ni. Kó wá gbé àpótí rẹ̀ síbẹ̀.