Èmi Ni Odò Atọ́rì Pè Lẹ́jọ́

Ẹ̀yin ará Sàngó, ẹ̀yin ọmọ kéú, ẹ kú ará fẹ́ra kù. Ìyá Hidayat, ìyàwó ọ̀rẹ́ mi, ẹ kú àmúmọ́ra.

Ẹ mọ̀ mí. Èmi ni Àúdù mẹkáníìkì. Láti kékeré lèmi àti Àfáà Suhaib ti jọ ń jẹun nínú àwo kan. Òun náà ló sì gbé mi lọ sí kóòtù.

Ẹ má rẹ́rìn-ín. Ọ́ìlì dúdú tí mo bá tú lára mọ́tò, odò Atọ́rì ni mo ń dà á sí. Àfáà bẹ̀ mí títí. Mo ní, "Ṣé odò bàbá rẹ ni?" Ó ní, "Kì í ṣe ti bàbá mi, kì í ṣe tìrẹ náà. Odò ló ni ara rẹ̀." Ló bá kọ̀wé ẹjọ́, ó fi orúkọ odò sí ipò olùpẹ̀jọ́.

Lọ́jọ́ ẹjọ́, akọ̀wé pe Odò Atọ́rì lẹ́ẹ̀kan, ó pè é lẹ́ẹ̀kejì. Nígbà tó pè é lẹ́ẹ̀kẹta, Àfáà gbé kẹ́ẹ̀gì omi odò ka orí àga. Ó ní, "Ó ti dé." Kóòtù bú sẹ́rìn-ín. Èmi ni mo rín jù.

Adájọ́ ní, "Àfáà, odò ò lẹ́nu."

Ó ní, "Adájọ́, ọmọ ọwọ́ náà ò lẹ́nu. Bí ẹnì kan bá gbé e wá, ẹ ń gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀."

Adájọ́ ní òun á wo ìwé òfin, ó sún ẹjọ́ síwájú.

Alágídí ni Àfáà. Ó ṣì ń wá jẹun nílé mi. Tó bá jẹun tán, á ní, "Àúdù, ó di kóòtù."

Nígbà tí àìsàn dá a dùbúlẹ̀, ó ní omi Atọ́rì ni kí wọ́n fi wẹ òun tóun bá kú, bí wọ́n ṣe fi wẹ bàbá òun. Èmi ni mo lọ pọn ọ́n. Àwọn tó fẹ́ wẹ̀ ẹ́ gbóòórùn omi náà, wọ́n rí ọ́ìlì tó léfòó, wọ́n dà á nù. Omi bọ́hóòlù la fi wẹ ọ̀rẹ́ mi. Ẹní da omi síwájú ni í tẹ ilẹ̀ tútù. Kí lèmi dà síwájú Suhaib? Ó dùn mí, ẹ̀yin ará. Ó dùn mí gan-an.

Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀ lẹjọ́ tún kàn. Bí wọ́n bá pe odò lẹ́ẹ̀mẹ́ta tí ẹnikẹ́ni ò dáhùn, wọ́n á da ẹjọ́ náà nù, èmi á sì jàre. Mi ò fẹ́ jàre.

Suhaib, máa lọ láyọ̀. Ọlọ́run á forí jì ọ́, á fẹ sàréè rẹ, á fún ọ mu nínú omi àlùjánnà tí ẹnikẹ́ni ò lè bà jẹ́. Má wẹ̀yìn. Lọ́jọ́bọ̀, tí akọ̀wé bá pe Odò Atọ́rì, èmi tí odò pè lẹ́jọ́ ni mo máa gbé kẹ́ẹ̀gì dìde.