Ọjọ́ tí wọ́n gbé Mọ́mì lọ wo òdòdó

Nínú bọ́ọ̀sì tó kó wa padà sí Chicago láti oko òdòdó, ìyá àgbà kan àti ọmọ rẹ̀ obìnrin ló jókòó níwájú mi.

"Mọ́mì, ẹ má bínú. Látìgbà òtútù tẹ́ ẹ ti dé, shift ibi iṣẹ́ ò jẹ́ kí n ráyè mú yín jáde."

"Mo ti fẹ́ ní kó o ra tíkẹ́ẹ̀tì fún mi, kí n máa lọ sílé."

"Kí ni mo ṣe?"

"O ò ṣe nǹkan kan. Àtọjọ́ yìí, ọmọ rẹ ni mò ń gbé. Òní ni ẹnì kan gbé èmi náà jáde. O ṣeun, ọmọ mi."

"Gbé èmi náà jáde" yẹn ò tíì kúrò létí mi.

Ọmọ rẹ̀ obìnrin nu ojú. "Ẹ ṣì máa lọ?"

"Lọ kẹ̀? Ìlú kékeré ẹ̀gbẹ́ oko òdòdó yẹn, tá a ti mu tíì lẹ́ẹ̀kan, a ò tíì rí ìdajì ẹ̀."