Ohùn Ẹ̀gbọ́n Mi Ni, Kì í Ṣe Tèmi

Ohùn tí ẹ ń gbọ́ nínú àwo orin Olóhùn-Iyọ̀ kì í ṣe ohùn mi. Mo gbé ọ̀rọ̀ náà síwájú kí ẹnikẹ́ni má baà rò pé mo fẹ́ fi ọ̀rọ̀ bò ó mọ́lẹ̀. Ohùn ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ni, ọmọ ìyá mi, ọmọ bàbá mi, ẹni tó ti kú kí ọ̀pọ̀ nínú yín tó dáyé. Èmi tí ẹ ń pè ní Olóhùn-Iyọ̀ láti ìgbà ọ̀dọ́ mi títí eyín fi ká lẹ́nu mi, mi ò kọ orin kankan rí tó wọ inú ẹ̀rọ. Dókítà fi rọ́bà etí rẹ̀ gbọ́ àyà mi láìpẹ́ yìí, ó ní ọkàn mi ti rẹ̀. Mo ní kò lè ṣe kó má rẹ̀, ó ti ń ru ẹrù tí kì í ṣe tirẹ̀ tipẹ́. Ọ̀gbẹ́ni tó ń tún àwo àtijọ́ tẹ̀ sọ pé kí n wá jókòó, kí n sọ gbogbo rẹ̀ sínú fóònù òun. Mo ní rárá. Ẹ̀rọ ti gba irọ́ lẹ́nu mi tó. Ọwọ́ ni n ó fi kọ ọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ilé ẹ̀kọ́ àgbà ni mo ti kọ́ á-bí-dí, tí ọwọ́ mi sì ń rìn lórí ìwé bí adìyẹ tí wọ́n so lẹ́sẹ̀. Ibi tí mo bá ti ṣì í kọ, ẹ bá mi tún un kọ. Ṣùgbọ́n ẹ má bá mi fi ọṣẹ wẹ ìwà tí mo hù.

Télọ̀ ni ẹ̀gbọ́n mi. Yàrá kan náà là ń gbé. Ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, bó bá sì ti ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́ ló máa ń kọrin. Àwọn tó wá gba aṣọ kì í fẹ́ lọ. Bàbá kan ń gbé lókè wa tó máa ń bá gbogbo èèyàn jà, tó fi mọ́ olóngbò. Tí ẹ̀gbọ́n mi bá dákẹ́, á fi igi ìgbálẹ̀ kan ilẹ̀ gbì, gbì, á ní, "Ìwọ, ṣé òwú tán ni?" Òun ló sọ ọ́ ní Olóhùn-Iyọ̀, orúkọ náà sì jẹ orúkọ àbísọ rẹ̀ run. Èmi ńkọ́? Tí a bá ń sọ̀rọ̀, ìyá tó bí wa gan-an kì í mọ èwo ni èwo láti ẹ̀yìn ilẹ̀kùn. Àmọ́ tí mo bá lanu kọrin, ẹ̀gbọ́n mi á ní, "Àbúrò mi, rọra o, aṣọ oníbàárà ni mò ń rán, má fi ohùn fà á ya." A ó jọ rẹ́rìn-ín. Òun rẹ́rìn-ín, ó gbàgbé. Èmi rẹ́rìn-ín, mo kó o pamọ́. Ìlara kì í kan ilẹ̀kùn kó tó wọlé, ẹ̀yin ọmọ mi.

Èmi ni mo mú un dé ilé ìgbohùnsílẹ̀, nítorí mò ń gbálẹ̀ níbẹ̀. Wọ́n fi tìmùtìmù àti àpò bo ògiri kí ariwo títì má baà wọlé. Ẹni tó ń ṣe ẹ̀rọ níbẹ̀ là ń pè ní Oníwáyà, torí kò sí àpò ṣòkòtò rẹ̀ kan tí wáyà kì í yọ jáde. Onísùúrù èèyàn ni. Ó rí i pé mo máa ń dúró wo ọwọ́ rẹ̀, ó wá kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń ká téèpù. Téèpù ìgbà yẹn kì í ṣe ti inú páálí kékeré o. Ó tóbi bí àwo ìjẹun, okùn pẹlẹbẹ bíi rìbọ́ọ̀nù ló wà lára rẹ̀, á máa ti ara ọ̀kan yí bọ́ sára èkejì. Ó kọ́ mi bí a ṣe ń fi abẹ gé ibi tí kò dára, tí a ó sì lẹ orí méjèèjì pọ̀ tí etí ò ní mọ̀. Òfin kan ló ní tí kì í bá ẹnikẹ́ni ṣeré lórí rẹ̀: ẹni tó bá fẹ́ kọrin gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ fi ẹnu ara rẹ̀ sọ orúkọ rẹ̀, orúkọ bàbá rẹ̀ àti ohun tó fẹ́ kọ. Ó máa ń ní, "Bébà a máa já bọ́ lára páálí. Orúkọ tó o fi ẹnu ara rẹ sọ, ta ló máa gbà á lọ́wọ́ rẹ?" Tí wọ́n bá ń tẹ àwo, wọn kì í gbé ibi ọ̀rọ̀ yẹn sí i, ibi orin ni àwo ti máa ń bẹ̀rẹ̀. Téèpù tó wà lórí pẹpẹ nìkan ló ń mọ ẹni tó ni ohùn.

Ọjọ́ tí ẹ̀gbọ́n mi kọrin, oyún inú rẹ̀ ti tóbi. Oníwáyà ní kó dìde, pé ohùn kì í jáde dáadáa lórí ìjókòó. Ó ní, "Ẹ wá bá mi gbé ikùn yìí dání, kí n dìde." Oníwáyà sún máìkì wálẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi sọ orúkọ rẹ̀, ó sọ ti bàbá wa, ó ní orin tí òun fi ń ránṣọ lòun fẹ́ kọ. Ọmọ inú rẹ̀ wá ta á nípàá. Ó bú sẹ́rìn-ín, ó ní, "Ìwọ tó ò ń ta mí nípàá yìí, jókòó jẹ́ẹ́. Ìyá rẹ fẹ́ kọrin. Tìẹ ni." Ó sì kọ ọ́. Oníwáyà tó máa ń ní kí wọ́n tún un kọ títí ọ̀fun á fi gbẹ, kò ní kó tún un kọ. Ó kàn bọ́ fìlà.

Ó bí obìnrin. Àìsàn ìbímọ náà kò jẹ́ kó dìde mọ́. Bàbá ọmọ ti wá iṣẹ́ lọ sí ọ̀nà jíjìn, a ò gbúròó rẹ̀ mọ́. Mo gbé ọmọ, mo pọ̀n ọ́n, mo sì fẹ́ràn rẹ̀. Ẹ gba èyí gbọ́ bí ẹ ò bá tiẹ̀ gba ìyókù gbọ́. Kò pẹ́ tí àwo náà jáde. Olóhùn-Iyọ̀ nìkan ni wọ́n tẹ̀ sára rẹ̀, nítorí ohun tí gbogbo èèyàn ń pè é nìyẹn. Rédíò gbé e, fèrèsé gbogbo ń kọ ọ́. Àwọn oníròyìn ní àwọn fẹ́ rí i. Ọ̀gá tó ni ilé iṣẹ́ náà pè mí, ó ní, "Òkú kì í jáde lórí ìtàgé. Àbúrò rẹ̀ ni ọ́. Tí wọ́n bá dé, ṣáà kí wọn." Mo ní, "Tí wọ́n bá ní kí n kọrin ńkọ́?" Ó ní, "Sọ pé ọ̀fun ń dùn ọ́. Ta ni ọ̀fun kì í dùn?" Oníròyìn kan wọlé, ó jókòó, ìgbálẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ mi. Mo ní, "Ẹ káàbọ̀." Ọkùnrin náà dìde dúró, ó ní, "Ohùn náà gan-an nìyí. Ẹ̀yin ni?" Kò sẹ́ni tó dìde fún mi rí láyé mi. Mo wo ìgbálẹ̀, mo gbé e sí ẹ̀yìn ilẹ̀kùn. Mo ní, "Èmi ni."

Bí a ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í lọ láti ìlú dé ìlú nìyẹn. Mo máa ń dúró níwájú, màá máa la ẹnu, Oníwáyà á wà lẹ́yìn aṣọ ìkélé, á máa fi àwo náà sí ẹ̀rọ. Ọ̀gá ló ń fipá mú un, Oníwáyà fúnra rẹ̀ kì í wo ojú mi. Lọ́jọ́ kan abẹ́rẹ́ há, àwo ń tún ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo sọ, ẹnu mi sì ti lọ síwájú. Oníwáyà ta tábìlì nípàá, abẹ́rẹ́ fò dé ìparí orin. Kí ni mo ṣe? Mo wólẹ̀ lórí orúnkún, mo ń sunkún ẹ̀tàn. Àwọn èèyàn bá mi sunkún tòótọ́. Ìyá kan wá fi aṣọ rẹ̀ nu ojú mi, ó ní orin náà ló wọ̀ mí lára. Nínú ọkọ̀ tí a fi ń padà, Oníwáyà ní, "Abẹ́rẹ́ tí kò ní ẹnu ti ń gbìyànjú láti sọ ọ́. Ìwọ tó o ní ẹnu ńkọ́?" Mo ní kó bá mi dákẹ́. Ẹ gbọ́ ẹni tó ń sọ pé kí ẹlòmíì dákẹ́.

Nígbà tí kásẹ́ẹ̀tì dé, Oníwáyà ní ọwọ́ òun tóbi ju ohun tín-ín-rín yẹn lọ, òun ń lọ sinmi. Ó gbé téèpù ẹ̀gbọ́n mi wá bá mi. Ó ní òun ti da orin inú rẹ̀ sórí òmíràn fún Ọ̀gá, pé èyí tó ní orúkọ, ti ọmọ ni. "Tó bá ti lójú, tó nímú, kó o fún un. Mi ò ní bú ọ, mi ò sì ní tú àṣírí rẹ. Ìwọ fúnra rẹ ni màá jẹ́ kó sọ ọ́." Ọwọ́ méjèèjì ni mo fi gbà á. Mo dúpẹ́. Nígbà tí gbogbo wọn nílé ìgbohùnsílẹ̀ lọ jẹun ọ̀sán, mo gbé e sórí ẹ̀rọ, mo gbọ́ orúkọ rẹ̀, mo gbọ́ ẹ̀rín rẹ̀, mo gbọ́ ohun tó bá ọmọ inú rẹ̀ sọ. Mo mú abẹ, mo gé ibẹ̀ kúrò bí ó ṣe kọ́ mi gẹ́lẹ́, mo lẹ orí méjèèjì pọ̀. Mo dáná sun èyí tí mo gé. Ó kéré bíi rìbọ́ọ̀nù irun ọmọdé, ó sì ń rùn ju bó ṣe kéré lọ. Ìyókù, mo fi pamọ́, kí n lè máa fi hàn gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí pé èmi ni mo ni ohùn. Abẹ tí wọ́n fún mi láti fi tún nǹkan ṣe ni mo fi pa ẹ̀gbọ́n mi lẹ́ẹ̀kejì.

Ẹ má tíì ṣí ẹnu. Èyí kọ́ ló burú jù. Ọmọ náà bẹ̀rẹ̀ ilé ìwé, ó mọ̀ pé èmi kọ́ ni mo bí òun, mi ò purọ́ ìyẹn fún un. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, àwo náà ń kọrin nínú yàrá, òun jókòó sílẹ̀, ó fi ẹ̀yìn ti ẹ̀rọ, torí ibẹ̀ ló ti máa ń ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá rẹ̀. Ó ní, "Màmá, ìyá tó bí mi, báwo ni ohùn rẹ̀ ṣe rí?" Mo ní ó rí bí ohùn gbogbo èèyàn. Ó ní, "Ṣé kò fi í sílẹ̀ níbì kankan, bíi tiyín yìí?" Ó nawọ́ sí ẹ̀rọ. Ìyá rẹ̀ wà nínú yàrá pẹ̀lú wa, ó ń kọrin fún un, orin tó sọ pé ó jẹ́ ti ọmọ náà. Mo ní, "Rárá. Ìyá rẹ kì í kọrin." Ọmọ náà rò ó díẹ̀. Ó ní, "Kò burú. Tiyín tó mi." Ó padà sí iṣẹ́ rẹ̀. Èmi tí mo gé téèpù, tí mo dáná sun ún, mi ò tíì mọ ohun tí ọ̀daràn ń jẹ́ títí ọmọ yẹn fi sọ pé tèmi tó òun.

Kásẹ́ẹ̀tì lọ, síídì dé, síídì lọ, fóònù dé. Nígbàkígbà tí ẹ̀rọ bá yí padà, wọ́n á kó ohùn ẹ̀gbọ́n mi sínú èyí tó dé, wọ́n á sì gbé irọ́ mi lé e lórí. Ní báyìí, ọmọ náà ti hu ewú. Òun ló mú ọ̀gbẹ́ni tó fẹ́ tún àwo náà tẹ̀ wá bá mi, pé àwòrán mi ni wọn yóò fi ṣe ojú rẹ̀. Ó ń yọ̀. Ó dì mọ́ mi, ó ní, "Màmá, ẹ̀yin lè lọ nígbà tó bá wù yín, ohùn yín ò lọ ibì kankan." Mo ní kó jókòó. Mo ní kí ọ̀gbẹ́ni náà jókòó. Mo sọ ọ́ láti òkè dé ilẹ̀ bí mo ṣe kọ ọ́ síbí yìí. Ọmọ mi kò sunkún, kò bú mi. Ó ní, "Kí ni ẹ ní ó sọ sí mi nígbà tí mo wà nínú oyún?" Mo sọ fún un. Ó ní kí n tún un sọ. Mo tún un sọ. Ó di ojú, ó ní kí n tún un sọ, bóyá òun lè fi gbọ́ bí ohùn ìyá òun ṣe rí. Lẹ́yìn náà ó la ojú, ó ní, "Kò ṣe é ṣe. Ohùn yín ni mò ń gbọ́." Ó gbé àpò rẹ̀, ó jáde. Kò tíì padà wá.

Ọmọ mi, mi ò ní kí o dárí jì mí lónìí. Ìgbà tí ó bá tó lọ́kàn rẹ, yálà mo wà tàbí mi ò sí, mo bẹ̀ ọ́. Téèpù tó kù wà nínú kọ́bọ́ọ̀dù mi, ìwọ lo ni ín. Mo ti sọ fún ọ̀gbẹ́ni náà pé kó yọ àwòrán mi kúrò. Ó ní àwo máa pẹ́ kó tó jáde, mo ní kó pẹ́. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń gba ohùn èèyàn sílẹ̀ lójoojúmọ́ bí ẹni ń bu omi, tí ẹ sì ń gé e bó ṣe wù yín, ẹ fetí sí arúgbó: ẹ bi ara yín léèrè ẹni tí ohùn náà ń bá sọ̀rọ̀ kí ẹ tó fọwọ́ kàn án. Ẹ̀yin tí ẹ sì máa ń bọ̀ mí lọ́wọ́ lójú títì pé, "Olóhùn-Iyọ̀, ẹ kú ohùn," ẹ ṣeun, ẹ má kí mi bẹ́ẹ̀ mọ́. Obìnrin kan wà nílùú yìí tó ti hu ewú díẹ̀, tó máa ń yára rìn, tó ní àlàfo láàárín eyín bíi ti ìyá rẹ̀. Bí ẹ bá pàdé rẹ̀, òun ni kí ẹ kí. Ẹ sọ fún un pé ẹ gbọ́ ìyá rẹ̀, ó sì dùn.